Irọ́ tí Rogosin pa kó tó rí fíìmù yà

Lọ́dún 1976 tí wọ́n ń dá owó fún àwọn aláwọ̀ dúdú South Africa, òṣìṣẹ́ ìjọba kan l'Adó-Èkìtì kùn díẹ̀: kò mọ àwọn tóun ń dáwó fún. Ó ti fẹ̀yìntì kí ọmọ rẹ̀ tó gbé fíìmù "Come Back, Africa" sí i. Lionel Rogosin, ọmọ Amẹ́ríkà, ló yà á ní Sophiatown, ní Johannesburg. Ọdún 1959 ló jáde. Ó parọ́ fún ìjọba ẹlẹ́yàmẹ̀yà pé fíìmù orin lòun ń yà. Ó kúkú gbọ́n o! Zacharia tó ń wá iṣẹ́ kiri nínú ẹ̀ kì í ṣòṣèré rárá.

"Àwọn yìí dà?"

"Ìjọba wólé mọ́ wọn lórí, Bàbá. Meadowlands ni wọ́n kó ọ̀pọ̀ wọn lọ."

Bàbá ní kó dá ibi tí Miriam Makeba ti ń kọrin padà.