Ẹja Apẹja

Ní Dougouba, ní ìlú Bouaké, Ànàgó ni wọ́n ń pe ọmọ Èjìgbò àti gbogbo Yorùbá yòókù. Bóyá ìdí nìyí tí ìtàn ẹja ibú òkun kan fi wọ̀ mí lọ́kàn. Ẹja apẹja ni mo ń pè é: abo rẹ̀ ní ohun bí ọ̀pá ìwọ̀ lórí, kòkòrò àìfojúrí sì ń tan iná ní ṣóńṣó rẹ̀ nínú òkùnkùn. Akọ kéré, kò sì ní ọ̀pá; àwọn onímọ̀ ti fìgbà kan pín in sí ìdílé ọ̀tọ̀, Aceratiidae. Ní 1922, Bjarni Sæmundsson, ará Iceland, rí ẹja kéékèèké méjì tí wọ́n lẹ̀ mọ́ abo kan. Ó rò pé ọmọ rẹ̀ ni. Ní 1925, Charles Tate Regan fi hàn pé akọ ni irú ẹja bẹ́ẹ̀: ara wọn ti so pọ̀ mọ́ ti abo, ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ni ó sì ń bọ́ wọn.

Ìrísí nìkan kò tó láti pín ẹ̀dá sí ìsọ̀rí. Àwọn ọmọ wa tí a bí sí Bouaké ń sọ Faransé àti Jùlá. Ẹ̀yin olùkọ́ èdè, bí ohùn wọn kò bá tilẹ̀ jọ tiwa, ẹ má tètè kọ wọ́n sí ìdílé mìíràn.