Moses Gunn: Òṣèré Tí A Mọ Ojú Rẹ̀, Tí A Kò Mọ Orúkọ Rẹ̀

Ọ̀rọ̀ òṣèré ọmọ ilẹ̀ Amẹ́ríkà kan tí ó di olóògbé ní ọdún 1993 ni mo fẹ́ bá yín sọ lónìí. Moses Gunn ni orúkọ rẹ̀. Bí orúkọ náà kò bá dún létí yín, ẹ má dá ara yín lẹ́bi. Èmi náà ti wo ọkùnrin yìí nínú eré mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ kí n tó mọ̀ pé ẹnì kan ṣoṣo ni. Mo kọ́kọ́ rí i nínú kásẹ́ẹ̀tì fídíò Roots, eré tí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ABC fi òru mẹ́jọ léraléra gbé sáfẹ́fẹ́ ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1977. Òun ni Kintango, àgbàlagbà tí ó ń kọ́ àwọn ọmọkùnrin Juffure bí a ti í di ọkùnrin. Mo tún rí i nínú Shaft, sinimá ọdún 1971, gẹ́gẹ́ bí Bumpy Jonas, ọ̀gá àwọn ọ̀daràn Harlem tí wọ́n jí ọmọbìnrin rẹ̀ gbé. Nínú Little House on the Prairie, ó di Joe Kagan, abẹ̀ṣẹ́kù-bí-òjò tí ó fi ìjà sílẹ̀ tí ó sì gbé ọkọ́ láti máa dáko. Baba olùkọ́ni, ọ̀gá ìgárá, àgbẹ̀: ara kan náà ni gbogbo wọn, ohùn kan náà, n kò sì fura.

Irú òṣèré báyìí pọ̀ ní Amẹ́ríkà. Wọn kì í jẹ́ olú ẹ̀dá-ìtàn, orúkọ wọn kì í sì í ṣáájú lára pátákó ìpolówó. Ìran méjì tàbí mẹ́ta ni wọn yóò yọjú sí, wọn yóò ṣe é débi tí èèyàn kò ní gbàgbé, wọn yóò sì tún lọ. Àwọn ni wọ́n ń di eré ró bí òpó ti ń di àjà ró.

Ohun tí ó mú mi wá ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ lọ ni gbólóhùn kan tí mo kà pé olùkọ́ ni kí ó tó di òṣèré. Ìlú St. Louis ní ìpínlẹ̀ Missouri ni wọ́n ti bí i, ní ọjọ́ kejì oṣù kẹwàá ọdún 1929. Ìyá rẹ̀ kú nígbà tí ó wà ní kékeré, ẹbí sì túká. Síbẹ̀ ó kàwé dé Yunifásítì Ìpínlẹ̀ Tennessee, ó tún lọ sí Yunifásítì Kansas, lẹ́yìn náà ni ó ṣe iṣẹ́ olùkọ́ ní Grambling, ilé-ẹ̀kọ́ gíga àwọn aláwọ̀ dúdú ní Louisiana. Nígbà tí yóò fi gun ìtàgé ní New York nínú eré The Blacks ti Jean Genet ní ọdún 1962, ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún. Ẹni tí ó bá ti gba owó oṣù olùkọ́ rí yóò mọ ohun tí ó túmọ̀ sí láti fi iṣẹ́ tí ó dájú sílẹ̀ ní irú ọjọ́ orí bẹ́ẹ̀. Èmi kò lè ṣe é. Mo jẹ́wọ́.

Orí ìtàgé gbà á tọwọ́tẹsẹ̀. Ní ọdún 1967, ó ṣe Aaron nínú Titus Andronicus ti Shakespeare, àwọn tí ń fúnni ní ẹ̀bùn Obie sì dá a lọ́lá. Láàárín ìgbà náà ni àwọn òṣèré adúláwọ̀ dá ẹgbẹ́ Negro Ensemble Company sílẹ̀ ní New York, òun sì wà lára àwọn tí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀.

Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ ti kan ilé wa. Ní oṣù kẹrin ọdún 1968, ẹgbẹ́ náà gbé Kongi's Harvest tí Wọlé Ṣóyínká kọ jáde. Moses Gunn ni ó ṣe Kongi fúnra rẹ̀, ààrẹ apàṣẹwàá tí ó ti Ọba Dánlọ́lá mọ́lé, tí ó sì fẹ́ kí ọba náà fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbé iṣu tuntun fún òun ní gbangba. Nígbà tí ọmọ Missouri yìí ń fi ìrísí aláṣẹ tí ń ti èèyàn mọ́lé hàn àwọn ará New York, àtìmọ́lé ìjọba ológun ni ẹni tí ó kọ eré náà wà ní Nàìjíríà. Wọ́n mú Ṣóyínká ní ọdún 1967, wọn kò sì fi í sílẹ̀ títí di ọdún 1969. Nígbà tí Ossie Davis wá sọ eré náà di sinimá ní ọdún 1970, Ṣóyínká gan-an ni ó ṣe Kongi. Ipa tí Gunn ti ṣe ni òǹkọ̀wé wá gbé wọ̀ lẹ́yìn tí ó ti ẹ̀wọ̀n dé.

Ọdún 1970 yẹn náà ni Gunn di Othello ní Stratford ti ìpínlẹ̀ Connecticut, wọ́n sì gbé eré náà wá sí Broadway. Kí ni ó kù tí òṣèré ń wá?

Owó oúnjẹ ni. Eré orí ìtàgé kì í sábà bọ́ ẹni tí ń ṣe é. Ní ọdún 1976 wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ fún ẹ̀bùn Tony nítorí The Poison Tree, ṣùgbọ́n eré náà kò pẹ́ tí wọ́n fi pa iná rẹ̀. Tẹlifíṣọ̀n ni ó ń sanwó, ipa tí tẹlifíṣọ̀n ìgbà náà sì ní fún àgbàlagbà adúláwọ̀ kò tó nǹkan. Ní ọdún 1977 ó ṣe Carl Dixon nínú Good Times, ọkùnrin tí kò gba Ọlọ́run gbọ́ tí ó sì ń fẹ́ Florida, opó onígbàgbọ́. Ìtàn gidi wà níbẹ̀ bí wọ́n bá fẹ́ sọ ọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí Florida fi eré náà sílẹ̀ tí ó sì tún padà dé ní 1978, wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ má dárúkọ Carl mọ́. Wọn kò ṣe òkú rẹ̀, wọn kò kọ̀ ọ́ sílẹ̀. Ó kàn pòórá bí ìṣó. Father Murphy (1981 sí 1983) sàn díẹ̀, ṣùgbọ́n níbẹ̀ náà, ọ̀rẹ́ olú ẹ̀dá-ìtàn ni. N kò ní fi oyin pa á: ìfiṣòfò ni mo pe gbogbo rẹ̀ nígbà náà, ìwà ìrẹ́jẹ sì ni mo ṣì ń pè é. Ẹni tí ó tó Othello ṣe kò yẹ ní ẹni tí à ń fi kún àlàfo.

Mo ní ìdí tí ọ̀rọ̀ náà fi ń dùn mí. Ní ọdún kan, a ń ka Ẹfúnṣetán Aníwúrà ti Akínwùmí Ìṣọ̀lá ní kíláàsì. Gbogbo ọmọbìnrin ló fẹ́ jẹ́ Ẹfúnṣetán, gbogbo ọmọkùnrin ló fẹ́ jẹ́ Látòósà. Mo fún ọmọ kan tí kì í sọ̀rọ̀ ní Adétutù, ẹrú tí Ẹfúnṣetán ní kí wọ́n bẹ́ lórí nítorí pé ó lóyún. Ọmọ náà fajú ro. Mo ní, "Má wulẹ̀ yọ ara rẹ lẹ́nu, kò ní pẹ́ tí wọn ó fi bẹ́ ọ lórí." Kíláàsì rẹ́rìn-ín, èmi náà rẹ́rìn-ín. Ìgbà tí ó wá ka ẹ̀bẹ̀ Adétutù, kò sí ẹni tí ó rẹ́rìn-ín mọ́. Ọmọ tí ń ka Ẹfúnṣetán kò lè dá a lóhùn lẹ́ẹ̀kan náà. Ńṣe ni ó ń wò ó.

Ìran yẹn ni mo rántí nígbà tí mo wo ipa tí Gunn ṣe kẹ́yìn. Ọjọ́ kẹta oṣù kẹta ọdún 1993 ni ilé-iṣẹ́ NBC gbé e sáfẹ́fẹ́, nínú eré ọlọ́pàá tí ń jẹ́ Homicide: Life on the Street. Orúkọ ìpín ọjọ́ náà ni Three Men and Adena. Wọ́n pa ọmọbìnrin ọdún mọ́kànlá kan, Adena Watson, ní ìlú Baltimore. Gunn ni Risley Tucker, bàbá arúgbó tí ń fi ẹṣin fa ọmọlanke èso kiri àdúgbò. Araber ni wọ́n ń pe irú wọn níbẹ̀. Àwọn ọlọ́pàá ti fura sí i, ṣùgbọ́n ẹ̀rí kò sí. Wákàtí méjìlá ni ó kù fún ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ méjì, Pembleton àti Bayliss, láti fi gba ìjẹ́wọ́ lẹ́nu rẹ̀. Lẹ́yìn náà wọ́n gbọ́dọ̀ fi í sílẹ̀ títí láé.

Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé inú yàrá kan ṣoṣo ni gbogbo eré náà ti wáyé. Tábìlì, àga, ọkùnrin mẹ́ta. Lákọ̀ọ́kọ́ Tucker tẹ̀ sórí àga bí aṣọ tí wọ́n fún tí wọn kò tíì sá. Wọ́n tàn án, wọ́n jágbe mọ́ ọn, Bayliss tilẹ̀ fi ipá gbé ojú rẹ̀ sún mọ́ páìpù gbígbóná. Gunn kò ṣe ju bí ó ti yẹ lọ. Ó ń mí, ó ń wò, ó ń dáhùn ní ohùn wúyẹ́wúyẹ́. Lójijì ó nà tán. Ó kọjú sí Pembleton, adúláwọ̀ tí ó kàwé, ó sì sọ fún un bí àwọn irú rẹ̀ ti ń fi ojú pa tálákà aláwọ̀ dúdú bíi tòun rẹ́. Ó kọjú sí Bayliss, ó sọ ìbẹ̀rù tí ọ̀dọ́mọkùnrin náà ń fi pamọ́ fún ara rẹ̀. Àwọn tí ń bi ni léèrè wá di ẹni tí à ń bi léèrè. Ohùn yẹn, ohùn tí ó ti wọ kíláàsì rí ni. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ti dúró níwájú akẹ́kọ̀ọ́ ogójì yóò dá a mọ̀. Nígbẹ̀yìn ó sunkún, ó jẹ́wọ́ pé òun fẹ́ràn ọmọ náà lọ́nà tí kò yẹ kí àgbàlagbà fẹ́ràn ọmọdé. Ṣùgbọ́n pípa? Ó ní òun kọ́. Wákàtí méjìlá pé.

Tom Fontana tí ó kọ ìpín náà gba ẹ̀bùn Emmy. Gunn kò gba nǹkan kan nítorí rẹ̀. Ní ọjọ́ kẹrìndínlógún oṣù kejìlá ọdún yẹn, ikọ́ fée mú un lọ ní Guilford, Connecticut, ní ẹni ọdún 64.

Ohun tí Gunn ṣe nínú yàrá yẹn ni pé kò jẹ́ kí a mọ̀. Lẹ́yìn wákàtí méjìlá, Pembleton tí ó ń ṣiyèméjì tẹ́lẹ̀ wá gbà pé arúgbó náà ló pa á, Bayliss tí ó sì dá lójú láti ìbẹ̀rẹ̀ kò wá mọ èwo ni kí òun gbà. Eré náà kò dá ẹjọ́ náà títí tí ó fi parí. Mo ti wò ó lẹ́ẹ̀mẹ́rin báyìí. Lẹ́ẹ̀mejì mo ní òun ni. Lẹ́ẹ̀mejì mo ní òun kọ́.