Ẹni tí Erékùsù Dá Sí

Yorùbá gbà pé ènìyàn ni aṣọ, òwe náà sì ni ó yẹ kí ènìyàn mú lọ́wọ́ bí ó bá ń gbé ọ̀rọ̀ Alexander Selkirk yẹ̀ wò, atukọ̀ ọmọ Scotland tí ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé gbà pé ìtàn rẹ̀ wà lára ohun tí Daniel Defoe fi kọ Robinson Crusoe ní 1719. Ní 1704 ni òun àti Thomas Stradling, ọ̀gá ọkọ̀ Cinque Ports, ṣe gbólóhùn asọ̀: Selkirk ní ọkọ̀ náà ń jò, pé ó sàn kí wọ́n fi òun sílẹ̀ ju kí òun bá a lọ, Stradling sì já a sílẹ̀ ní Más a Tierra, erékùsù kan, ìyẹn ilẹ̀ tí omi yí ká, ní òkun Pàsífíìkì níwájú Chile. Ọkọ̀ náà rì lóòótọ́ lẹ́yìn náà.

Ọdún mẹ́rin ó lé oṣù mẹ́rin ni ó fi dá gbé níbẹ̀. Aṣọ tòótọ́ gbó tán lára rẹ̀, ó wá di pé awọ ewúrẹ́ ni ó ń rán wọ̀, ìṣó sì ni abẹ́rẹ́ rẹ̀. Eku ń gé e lẹ́sẹ̀ jẹ bí ó bá sùn, àfi ìgbà tí ó fi ẹran fa ojú àwọn ológbò igbó mọ́ra, tí wọ́n ń wá sùn tì í. Ó máa ń ka Bíbélì sókè, síbẹ̀ nígbà tí Woodes Rogers, ọ̀gá ọkọ̀ mìíràn, gbé e kúrò ní Oṣù Kejì 1709, ààbọ̀ ọ̀rọ̀ ni ó ń jáde lẹ́nu rẹ̀. Kì í ṣe irú ààbọ̀ tí à ń sọ fún ọmọlúàbí, nítorí kò sí inú ẹnìkan tí ó lè dé kí ó di odindi.

Àdádó kan náà ni ó dá a sí lọ́wọ́ àìsàn kan. Ibà pọ́njú-pọ́ntọ̀, àìsàn tí ń sọ ẹyinjú àti ìtọ̀ di pípọ́n, láti inú ẹ̀jẹ̀ ènìyàn tàbí ọ̀bọ tí ó ní in ni ẹ̀fọn ti ń gbé e ran ẹlòmíràn, kò sì sí ọ̀bọ tàbí ènìyàn kejì ní erékùsù náà. Lónìí, ìmọ̀ràn CDC, àjọ tí ń dènà àìsàn ní Amẹ́ríkà, fún ẹni tí ó bá ń lọ kí ilé ní Nàìjíríà ni pé kí ó gba abẹ́rẹ́ àjẹsára ibà yìí, kí ó sì mú yẹ́lò káàdì, ìwé ẹ̀rí abẹ́rẹ́ náà, dání. Selkirk kò ní irú rẹ̀ nígbà tí ọkọ̀ ogun Weymouth gbé e dé etíkun Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà lẹ́yìn àwọn ajalèlókun. Ó kú ní 13 Oṣù Kejìlá 1721, wọ́n sì sin ín sínú òkun. Kò dá kú: àìsàn ti pa ọ̀pọ̀ nínú ọkọ̀ náà.