Ìwo Tí Ó Ṣẹ́

Ní ọdún 1973, Djibril Diop Mambéty, ọmọ ilẹ̀ Sẹ̀nẹ̀gàl, gbé fíìmù kan jáde tí ó pè ní Touki Bouki, èyí tí í ṣe «ìrìn-àjò ìkookò» ní èdè Wolof. A wo ó pẹ̀lú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa ní Sokodé. Fíìmù náà kì í lọ tààrà bí àlọ́: a rí màlúù ní ilé ìpẹran, a rí òkun, a tún rí ohun tí a ti rí, orin Joséphine Baker tí ń yin Paris sì ń padà wá lemọ́lemọ́. Akẹ́kọ̀ọ́ kan béèrè bóyá fíìmù náà ti bàjẹ́ ni. A dá a lóhùn pé fíìmù kò bàjẹ́. Ọkàn Mory ni ó fọ́, tí a fi ń rí i ní ẹ̀là-ẹ̀là.

Mory, darandaran àtijọ́, so agbárí màlúù tòun tìwo mọ́ iwájú alùpùpù rẹ̀. Dakar ti sú òun àti Anta, ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ gíga. Paris ni wọ́n fẹ́ lọ. Wọ́n jí owó àti aṣọ ọlọ́rọ̀ kan, wọ́n dé èbúté. Ibẹ̀ ni Mory ti yí padà, tí ó sáré lọ wá ìwo rẹ̀. Ó bá alùpùpù ní fífọ́, ó bá ìwo ní ṣíṣẹ́. Anta nìkan ni ó bá ọkọ̀ lọ.

Nínú ọkọ̀ náà, àwọn olùkọ́ Faransé kan ń sọ̀rọ̀ àbùkù sí àwọn ènìyàn tí wọ́n wá kọ́. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa bínú. Àwa dákẹ́.

Nígbà tí a wà ní kékeré ní Kambolé, wọ́n so signal mọ́ wa lọ́rùn nítorí pé a sọ Yorùbá ní kíláàsì. Nígbà tí a di olùkọ́, àwa náà so ó mọ́ ọmọ ẹlòmíràn lọ́rùn. Kò sí òyìnbó kankan níbẹ̀ tí ó rán wa níṣẹ́.

Ní ọjọ́ kejì, a ní kí olúkúlùkù sọ ìtàn Mory ní èdè ilé rẹ̀. Yorùbá, Tem àti Kabiyè dún ní kíláàsì wa. Ẹni tí ó ní fíìmù bàjẹ́ ni ó sọ̀rọ̀ pẹ́ jùlọ.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, a kò ní kí ẹ má lọ sí Lomé, Èkó tàbí Paris. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin tí a so signal mọ́ lọ́rùn, ẹ dárí jì wá: ọwọ́ wa ni ó ṣẹ́ ìwo yín.