Ìyá tó dúró nídìí àgbélébùú ló jẹ́ kí n rí ẹkún sun

"Omi ló dà nù, agbè ò fọ́." Ohun tí gbogbo èèyàn ń sọ fún mi nìyẹn lọ́dún 2003, nígbà tí àkọ́bí mi kú lẹ́ni oṣù méje. Wọn ò jẹ́ kí n mọ ibi tí wọ́n sin ín sí. Bí omijé bá bọ́ lójú mi, ìyá ọkọ mi á ní, "Ìyàwó mi, ó tó, kí Ọlọ́run má bàa bínú." Mo gbọ́ràn sí wọn lẹ́nu, mo pa á mọ́ra. Ṣùgbọ́n oorun dá lójú mi, oúnjẹ ò sì wọ ọ̀fun mi.

Lọ́jọ́ Ẹtì kan nínú Lẹ́ǹtì, ọ̀rẹ́ mi tó jẹ́ Àgùdà mú mi lọ síbi Ọ̀nà Àgbélébùú. Bí wọ́n ṣe ń ti ibùdó kan bọ́ sí òmíràn ni wọ́n ń kọrin nípa Màríà, bó ṣe dúró tó ń wo ọmọ rẹ̀ lórí igi. Orin náà ti lé ní 700 ọdún. "Stabat Mater" ni wọ́n ń pè é lédè Látìn, ìyẹn "Ìyá dúró."

Nígbà tá a dé ibùdó kẹtàlá, mo rí àwòrán òkú Jésù lórí itan ìyá rẹ̀, bí ìgbà téèyàn gbé ọmọ ọwọ́. Èmi ò rí tèmi gbé báyẹn. Ibẹ̀ ni ẹkún ti gbọ̀n mí. Kò sẹ́ni tó ní kí n dákẹ́. Lálẹ́ ọjọ́ náà, mo sùn.

Nígbà tó yá ni mo kà nípa Antonín Dvořák, olórin ilẹ̀ Czech. Láàárín 1875 sí 1877, ọmọ mẹ́ta ló kú mọ́ òun àti Anna ìyàwó rẹ̀ lọ́wọ́. Ọ̀kan kò ju ọjọ́ méjì lọ láyé, ọ̀kan mu kẹ́míkà olóró, ìgbóná ló pa ẹ̀kẹta. Ọdún 1877 yẹn náà ló parí Stabat Mater tirẹ̀. Àwọn bàbá náà ń ṣọ̀fọ̀, ẹ má gbàgbé wọn.

Ẹ̀yin àgbà wa, bí ọmọ bá kú mọ́ ìyá lọ́wọ́, ẹ jókòó tì í. Ẹ jẹ́ kó sunkún, kó dárúkọ ọmọ rẹ̀. Bí ọ̀sẹ̀ bá ń gorí ọ̀sẹ̀ tí kò jẹun, tí kò sùn, tàbí tó ń sọ pé ikú yá ju ayé lọ, ẹ tètè mú un lọ sọ́dọ̀ dókítà.

Lóòótọ́, agbè ò fọ́. Mo ti bí mẹ́ta lẹ́yìn rẹ̀. Ṣùgbọ́n omi tó dà nù yẹn, ó lórúkọ.