Wo Ohun Tí Ìwé Náà Pè Ọ́

Peckham, London.

Àbúrò mi ọ̀wọ́n,

Màmá sọ fún mi lórí fóònù pé iṣẹ́ ètò ìjọba tí o ń ṣe ní ilé ìwòsàn alábọ́ọ́dé yóò parí lọ́dún tó ń bọ̀. Wọ́n ní àwọn kan ń sọ fún yín pé ẹni tó bá ti lo ọdún méjì, ìjọba kò lè dá a dúró mọ́. Kì í ṣe òótọ́, n kò sì fẹ́ kí o gbẹ́kẹ̀ lé e.

Mú ìwé tí wọ́n fún ọ jáde. Kí ni wọ́n pè ọ́ níbẹ̀? Ṣé òṣìṣẹ́ ni, àbí olùyọ̀ǹda ara ẹni, àbí ẹni tó ń kọ́ṣẹ́? Rántí N-Power, ètò ìjọba fún àwọn ọ̀dọ́ tó bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 2016. Àwọn ọ̀dọ́ ń kọ́ ọmọ níléèwé, àwọn mìíràn wà nílé ìwòsàn, wọ́n ń gba ₦30,000 lóṣù, ṣùgbọ́n olùyọ̀ǹda ara ẹni ni wọ́n pè wọ́n. Nígbà tí ìjọba dá ètò náà dúró ní oṣù Kẹwàá ọdún 2023, ọ̀pọ̀ nínú wọn ṣì ń retí àlàwáǹsì tí wọ́n jẹ wọ́n.

Níbí ní Ìlú Ọba, òfin ọdún 2002 kan sọ pé ẹni tí wọ́n bá ń tún kóńtíráàtì rẹ̀ ṣe fún ọdún mẹ́rin ti di òṣìṣẹ́ gbére, àfi bí agbanisíṣẹ́ bá ní ìdí tó múná dóko. Òfin kan náà yọ àwọn tó wà lábẹ́ ètò ìjọba fún ìkọ́ṣẹ́ sílẹ̀. Ó dùn mí nígbà tí mo kà á, nítorí àwọn gan-an ló nílò ààbò jù.

Síbẹ̀, ọwọ́ rẹ kò ṣófo. Iṣẹ́ akọ̀wé lo ń ṣe, Òfin Òṣìṣẹ́ Nàìjíríà sì ka akọ̀wé mọ́ òṣìṣẹ́. Abala keje rẹ̀ ní kí agbanisíṣẹ́ fún ọ ní ìwé láàárín oṣù mẹ́ta, tí yóò sọ irú iṣẹ́ náà, owó rẹ, wákàtí rẹ, àti ọjọ́ tí àdéhùn yóò parí. Bí wọn kò bá tíì fún ọ, kọ̀wé béèrè, kí o sì tọ́jú ẹ̀dà rẹ̀.

Bí ọjọ́ àdéhùn bá pé, iṣẹ́ parí nìyẹn. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá lé ọ kí ọjọ́ tó pé, tí àdéhùn kò sì fún wọn láyè láti fi nótíìsì dá a dúró, o lè béèrè owó àwọn oṣù tó kù. Nítorí náà, ka ibi tí wọ́n ti sọ̀rọ̀ nótíìsì dáadáa.

Ohun tó ń kọ mí lóminú jù ni abẹ́rẹ́ àti ẹ̀jẹ̀ tó yí ọ ká lójoojúmọ́. Òfin owó gbà-má-bínú fún òṣìṣẹ́, tọdún 2010, kan òṣìṣẹ́ onígbà díẹ̀ àti ẹni tó ń kọ́ṣẹ́, ìjọba pàápàá sì wà lábẹ́ rẹ̀. Bí abẹ́rẹ́ bá gún ọ, tàbí tí o ṣubú lẹ́nu iṣẹ́, fi tó ọ̀gá rẹ létí láàárín ọjọ́ mẹ́rìnlá, ní kíkọ. Àjọ ìjọba tí wọ́n ń pè ní NSITF ló ń bójú tó owó náà. Má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún ọ pé kò kàn ọ́ nítorí pé oníkóńtíráàtì ni ọ́.

Láti òní lọ, máa ya fọ́tò rẹ́jísítà tí o ń fọwọ́ sí láràárọ̀, kí o tọ́jú àlẹ́ẹ̀tì báńkì àti gbogbo ìwé tí wọ́n fi rán ọ níṣẹ́. Bí ọ̀rọ̀ bá dé National Industrial Court, ilé ẹjọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́, tó ní ẹ̀ka ní Ìbàdàn, àwọn adájọ́ lè wo bí iṣẹ́ náà ṣe rí gan-an, yàtọ̀ sí orúkọ tí wọ́n fún un. Ẹ̀rí ni yóò gbè ọ́ níbẹ̀.

Bí wọ́n bá gbé ìwé tuntun wá, má fọwọ́ sí i lójú ẹsẹ̀. Ya fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp, ká jọ kà á. Bá mi kí Màmá àti gbogbo ará ilé.

Èmi ni ẹ̀gbọ́n rẹ,
Bọ́lá