Ẹsẹ̀ Ló Ń Ṣáájú Ẹnu Lórí Òkè Ìdànrè

Ìtàn ni mo bá dé ọ̀dọ̀ ọ̀gá mi. Mo fẹ́ mọ bí àwọn ará Ìdànrè ṣe gbé orí òkè fún ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀ kalẹ̀ ní 1923, mo sì fẹ́ máa sọ ọ́ fún àlejò lọ́nà tí kò ní í sú wọn. Bàbá gbọ́ àlàyé mi tán, ó wo bàtà ẹsẹ̀ mi, ó ní, "Ẹsẹ̀ ni wàá kọ́kọ́ kọ́. Ẹnu á bá a lọ́nà." Bí iṣẹ́ afinimọ̀nà ṣe bẹ̀rẹ̀ fún mi nìyẹn.

Ẹni tí kò bá dé ibẹ̀ rí lè rò pé àtẹ̀gùn símẹ́ńtì tó lé ní 600 tí wọ́n ṣe síbẹ̀ ni gbogbo ọ̀nà. Tí àtẹ̀gùn bá tán, orí àpáta gan-an la ti ń rìn, àpáta yìí sì ni Bàbá kọ́ mi láti máa wò. Ìsàlẹ̀ ilẹ̀ lọ́hùn-ún ló ti dì ní nǹkan bí 600 mílíọ̀nù ọdún sẹ́yìn, kí òjò tó wẹ ilẹ̀ orí rẹ̀ lọ tó fi yọ síta. Tí o bá bẹ̀rẹ̀ wò ó dáadáa, wàá rí ẹyọ òkúta funfun nínú rẹ̀, òmíràn gùn tó oríkèé ìka. Àwọn ẹyọ yìí máa ń yọ díẹ̀ sí ojú àpáta, àwọn ló ń bá àtẹ́lẹsẹ̀ di ibẹ̀ mú. Ibi tí àpáta bá ti ní àwọ̀ eérú tó sì ń ha ọwọ́, tẹ̀ ẹ́ láìbẹ̀rù. Ibi tó bá dúdú gbọọrọ láti òkè wá sísàlẹ̀, omi ló ń gba ibẹ̀. Kò le nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ṣùgbọ́n òjò díẹ̀ ti tó láti fi ibẹ̀ gbé akọni ṣubú.

Àpáta náà a sì máa bó ní ìpele ìpele, bí èèpo àlùbọ́sà. Ọ̀pá ni Bàbá fi ń dán an wò. Tó bá gbá a tó dún kíkan, ó ṣì dì mọ́ ara. Tó bá dún wúwo, abẹ́ rẹ̀ ti ṣófo, a ó yà fún un. Ó máa ń ní kí n dijú, yóò gbá ibi kan, yóò ní kí n sọ èyí tó jẹ́. Ó pẹ́ kí etí mi tó là sí i.

Ìdí mìíràn tún wà tí a kì í fi í tẹ ojú ibi dúdú tó tutù yẹn. Ọ̀pọ̀lọ́ kan ń bẹ tí ẹnikẹ́ni kò tíì rí níbòmíràn láyé yàtọ̀ sí orí òkè Ìdànrè. Arne Schiøtz, onímọ̀ ará Denmark, ló kọ nípa rẹ̀ ní 1963. Nígbà tó yá, ó lé ní ogójì ọdún tí wọn kò rí i, kí àwọn olùwádìí tó tún fojú kàn án ní 2013. Àwọn ọmọ rẹ̀ kì í gbé inú odò. Omi fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tó ń ṣàn lórí òkúta ni wọ́n ń gbé, wọ́n á lẹ̀ mọ́ ọn pẹ́kípẹ́kí, ẹni tí kò bá kúnlẹ̀ kò ní í rí wọn. Tí mo bá rí àlejò tó fẹ́ fi ọṣẹ fọ ọwọ́ níbẹ̀, inú mi kì í dùn rárá, mo sì máa ń sọ fún un.

Lẹ́yìn àpáta, èèyàn ló kàn. "Máa wo ẹni tó dákẹ́," Bàbá wí. Ẹni tó ń pariwo pé ó ti rẹ òun ṣì lágbára. Ẹni tó ti ń sọ̀rọ̀ bọ̀ láti ìsàlẹ̀ tó wá ṣàdédé panu mọ́, òun ni èémí ń wọ́n. Ṣùgbọ́n a kì í sọ pé, "Ẹ jẹ́ ká dúró de màmá yìí." Ìtìjú ni. Bàbá á kàn dúró, á na ọ̀pá sí nǹkan kan: ilé ẹjọ́ àtijọ́, ilé agogo, ilé ìwé tí wọ́n dá sílẹ̀ lórí òkè ní 1896, ó ti bẹ̀rẹ̀ ìtàn nìyẹn. Nígbà tí ìtàn bá fi máa parí, màmá ti mí dáadáa, kò sì sẹ́ni tó mọ̀ pé nítorí rẹ̀ la ṣe dúró. Ibẹ̀ ló ti yé mi ìdí tó fi ní ẹnu á bá ẹsẹ̀ lọ́nà. Ó ní ìtàn kúkúrú fún ibi tí ọ̀nà ti tẹ́jú, ó ní gígùn fún ibi tó ga.

Ojú ẹsẹ̀ Agbóògùn, ojú ẹsẹ̀ kan tó wà lára àpáta, ló le jù fún mi láti kọ́. Wọ́n ní ẹsẹ̀ ẹnikẹ́ni tó bá tẹ̀ ẹ́ ló máa ń bá a mu, àfi ti àjẹ́. Àwọn ọ̀dọ́ á fẹ́ fi ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n á ní kí ìyá kan fẹsẹ̀ sí i. Bàbá kì í gbà. Yóò sọ ìtàn náà tán pẹ̀lú "wọ́n ní" rẹ̀, yóò kọ́kọ́ fi ẹsẹ̀ tirẹ̀ sí i, yóò ní, "Ó bá gbogbo wa mu," ó di gbéra. Wọ́n ti fi orúkọ àjẹ́ ba ayé ọ̀pọ̀ obìnrin jẹ́ nílẹ̀ wa, afinimọ̀nà kò gbọdọ̀ lọ́wọ́ sí i.

Ohun tó wà nínú ọkàn mi jù ni odi amọ̀ ìlú àtijọ́ àti ààfin Ọwá, ọba Ìdànrè. Láti 2007 ni Òkè Ìdànrè ti wà lára àwọn ibi tí Nàìjíríà fi orúkọ wọn ránṣẹ́ sí UNESCO. Ìyẹn dára, ṣùgbọ́n ọdọọdún ni òjò ń jẹ odi náà, ó sì yẹ kí àwọn tó mọ bí wọ́n ṣe ń po amọ̀ gòkè wá tún un ṣe nígbà tí èyí tó kù ṣì dúró. Àwọn ibi kan wà, bí ojúbọ òrìṣà Òrósùn, tí àṣẹ rẹ̀ wà lọ́wọ́ àwọn àgbà ìlú. Bàbá kò mú àlejò débẹ̀ rí láìgba àṣẹ, èmi náà kò sì ní í ṣe é.

Iṣẹ́ yìí kò ní fíríidọ́ọ̀mù. Ohun tó wà ni pé tí a bá ń gòkè, ẹ̀yìn ni ọ̀gá máa ń wà. Tí a bá ń sọ̀, iwájú ni. Ìsàlẹ̀ àlejò ló gbọ́dọ̀ wà nígbà gbogbo, kí ó lè gbá ẹni tó bá yọ̀ mú. Nígbà tí àwọn ọmọ ilé ìwé kan wá lẹ́yìn òjò àkọ́rọ̀, tí a fẹ́ máa bọ̀ nílẹ̀, Bàbá fún mi ní ọ̀pá ọwọ́ rẹ̀, ó ní kí n bọ́ sísàlẹ̀. Òun dúró lókè láàárín àwọn ọmọ, ó ń sọ ìtàn ilé agogo fún wọn.